Nọ́ńbà Ìyá Alágbàfọ̀

Àwa mẹ́rin là ń gbé inú ilé wa: ìyá mi, èmi, áyọ́ọ̀nù ńlá kan tí mi ò lè dá gbé nígbà tí mo wà ní kékeré, àti nọ́ńbà ẹẹ́rin-oókan-eéje. Nínú àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, nọ́ńbà yẹn nìkan ni kì í ṣe iṣẹ́ kankan, síbẹ̀ òun là ń kẹ́ jù.

Alágbàfọ̀ ni ìyá mi. Ṣọ́ọ̀bù wà níwájú, ẹ̀yìn la ń sùn, kọ́tìnì kan ló sì pààlà sáàárín ibùsùn wa àti aṣọ àwọn oníbàárà. Bó bá ti ń sún mọ́ ọ̀sán gangan, ìyá mi á gbé áyọ́ọ̀nù nàró, á nu ọwọ́ mọ́ aṣọ iṣẹ́ rẹ̀, á sọdá títì lọ sí ilé ìtajà kékeré tó kọjú sí wa, níbi tí ẹ̀rọ tíkẹ́ẹ̀tì lọ́tìrì ìjọba ìpínlẹ̀ jókòó sí láàárín ọṣẹ àti bisikíìtì. Kò-Tíì-Kàn-Yín là ń pe obìnrin tó ni ilé ìtajà náà, torí ohun tó máa ń sọ nìyẹn fún gbogbo ẹni tó bá ta tẹ́tẹ́ tí kò jẹ: "Ẹ fọkàn balẹ̀, kò tíì kàn yín ni." Ó ti sọ ọ́ fún ìyá mi títí ó fi di ìkíni láàárín wọn.

Tẹ́tẹ́ náà kò le. Wàá mú nọ́ńbà mẹ́ta, láti òdo títí dé ẹẹ́sàn-án. Ìjọba á fa mẹ́ta tirẹ̀ lọ́sàn-án, á tún fa òmíràn ní ìrọ̀lẹ́, tíkẹ́ẹ̀tì kan sì lè wà fún méjèèjì. Bí o bá ta tìrẹ "bó ṣe tò," àfi kó jáde gẹ́lẹ́ bí o ṣe tò ó kí o tó gbowó, owó gidi sì ni. Bí o bá ta á "bó ṣe wù," ibi yòówù kí nọ́ńbà kọ̀ọ̀kan bọ́ sí nínú ìlà, wàá jẹ, ṣùgbọ́n ìdá kan nínú mẹ́fà owó yẹn ni wọn á fún ọ, torí ọ̀nà mẹ́fà ni nọ́ńbà mẹ́ta tí kò jọra lè gbà tò. Ìyá mi ò fẹ́ gbọ́ bó ṣe wù sétí. "Ṣé bó ṣe wù mí ni mo ń lọ ṣẹ́ẹ̀tì oníṣẹ́ẹ̀tì?" Báyìí ló máa ń dáhùn, ọ̀rọ̀ á sì parí síbẹ̀.

Ohun tó burú nínú ọ̀rọ̀ náà ni pé ẹni tó bá ti ń ta nọ́ńbà kan ṣoṣo lójoojúmọ́ ti wọ gàù. Kì í ṣe pé ó gbà pé nọ́ńbà náà máa jáde lónìí. Ohun tó dá a lójú ni pé ọjọ́ tóun bá fi í sílẹ̀ gan-an ló máa jáde. Ìyá mi ò bẹ̀rù olè, kò bẹ̀rù òjò, kò bẹ̀rù oníbàárà tó ń pariwo nítorí bọ́tìnnì tó já. Ọjọ́ yẹn nìkan ló ń bẹ̀rù.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ń gbé létí òkun, ní ìpínlẹ̀ mìíràn, níbi tí wọn kì í ta tíkẹ́ẹ̀tì tiwa. Ó ti bẹ ìyá mi títí pé kó wá sùn lọ́dọ̀ òun, kí àwọn jọ jí, kí àwọn jọ ṣe òfófó. Ìyá mi kò sùn níbẹ̀ rí. Bó bá lọ láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú, á ti padà dé kí wọ́n tó fa nọ́ńbà ìrọ̀lẹ́. Kò-Tíì-Kàn-Yín ṣàlàyé fún un pé ẹ̀rọ lè ta ti ọjọ́ púpọ̀ pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ìyá mi wò ó bí ẹni tó ń wo aṣọ tí yíǹkì ti bà jẹ́. "Ta ló ń rẹ aṣọ sómi tó ń lọ sájò?"

Bí ẹnikẹ́ni bá bi í pé kí ló rí nínú ẹẹ́rin-oókan-eéje, ìdáhùn rẹ̀ kì í jọra. Ó sọ fún ẹnì kan pé nínú àlá ni. Ó sọ fún òmíràn pé ojú títì ló ti rí i. Èmi ló sọ fún pé kò kàn mí, pé kí n má rò pé ọjọ́ ìbí mi ni, pé kí n má gbéra ga.

Lábẹ́ ìbòrí ṣọ́ọ̀bù wa ni bàbá ṣúmékà kan ti ń ṣiṣẹ́, ilé tirẹ̀ ló sì ń lọ sùn. Òun náà ní orúkọ àdúgbò tirẹ̀: Ẹ-Dúró-Ná. Kò sí ohun tí èèyàn lè sọ fún bàbá yìí tí kò ní kọ́kọ́ dáhùn pé "ẹ dúró ná." Bàtà tí ẹlòmíì á rán láàárín wákàtí kan, á kọ́kọ́ gbé e yípo, á wo ìsàlẹ̀ rẹ̀, á wo ojú ẹni tó ni ín, á tó wá abẹ́rẹ́. Abẹ́rẹ́ ọwọ́ ló sì ń lò, torí ẹ̀rọ ìránṣọ tó fi ń rán awọ ti kú tipẹ́, òun àti ìyá mi ló sì ń jọ ṣọ̀fọ̀ rẹ̀.

Nígbà yẹn, ibùdókọ̀ ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Èmi ni mò ń fi gbohùngbohùn kéde pé ọkọ̀ báyìí ti fẹ́ gbéra. Ilé-iṣẹ́ lọ́tìrì wá ń wá ẹni tí ohùn rẹ̀ já gaara, tí ọwọ́ rẹ̀ kì í gbọ̀n, tí á máa fa nọ́ńbà ìrọ̀lẹ́ lórí tẹlifíṣọ̀n. Mo lọ, wọ́n mú mi. Inú mi dùn débi pé mo fẹsẹ̀ rìn wálé, mo gbàgbé láti wọkọ̀. Ìgbà tí mo délé ni mo tó ka ìlànà wọn dáadáa: òṣìṣẹ́ kò gbọdọ̀ ta tẹ́tẹ́ náà, ẹnikẹ́ni tó bá sì ń bá a gbé abẹ́ òrùlé kan náà kò gbọdọ̀ ta á.

Mo sọ fún ìyá mi pé màá wá yàrá síbòmíràn.

"Yàrá wo?" Kò gbójú sókè kúrò lórí kọ́là tó ń lọ̀. "Ìwọ tí mo ṣì ń bá lọ aṣọ?"

"Màmá, nọ́ńbà yín ńkọ́?"

Ó gbé áyọ́ọ̀nù nàró. "Mo ti fi í sílẹ̀. Gba iṣẹ́ náà, jẹ́ kí n rí ojú ẹ lórí tẹlifíṣọ̀n kí n tó fọ́jú nínú ooru yìí."

Ó sọ ọ́ wẹ́rẹ́, bí ẹni tó ní òun kò jẹ ṣúgà mọ́. Mo bọ́ sẹ́yìn kọ́tìnì, mo sunkún. Mo mọ ohun tó fi sílẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì, ọ̀sán gangan, mo rí i tó nu ọwọ́, tó dé ẹnu ọ̀nà, tó wá rántí. Lẹ́yìn náà ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lọ́dọ̀ Ẹ-Dúró-Ná, ó bá a sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́. Bàbá náà họ orí. "Ẹ dúró ná," ló wí. Láti ọjọ́ yẹn, bí ọ̀sán bá ti ń tó, ìyá mi á yọrí lójú fèrèsé: "Ẹ-Dúró-Ná, ṣé ẹ ti lọ?" Bàbá á dáhùn pé, "Ẹ dúró ná, mò ń lọ." Mo rò pé oúnjẹ ọ̀sán ló ń rán an létí. Mo tiẹ̀ ń rò ó lọ́kàn mi pé ọwọ́ ìyá mi ti dilẹ̀, pé ó ti wá ẹlòmíì tí á máa dà láàmú.

Yàrá tí a ti ń fa nọ́ńbà kò tóbi. Iná ibẹ̀ mọ́lẹ̀ kọjá bó ṣe yẹ, òtútù sì máa ń mú mi lápá, torí aṣọ alápá péńpé ni dandan. Kò gbọdọ̀ sí òrùka, kò gbọdọ̀ sí aago ọwọ́. Fóònù mi á wà nínú àpótí lẹ́nu ọ̀nà. Ẹ̀rọ onígíláàsì mẹ́ta ló wà lórí tábìlì, bọ́ọ̀lù mẹ́wàá ló sì ń wọ inú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Kọ́bọ́ọ̀dù tí à ń kó àwọn bọ́ọ̀lù náà sí ní kọ́kọ́rọ́ méjì. Ọ̀kan wà lọ́wọ́ mi, èkejì wà lọ́wọ́ ọkùnrin kan tó ń wá láti ilé-iṣẹ́ mìíràn kó lè máa ṣọ́ wa. Ẹlẹ́rìí là ń pè é. Mi ò rí eyín ọkùnrin yìí rí. Á wọn bọ́ọ̀lù kọ̀ọ̀kan lórí òṣùwọ̀n, á ní kí n fà wọ́n wò kí tẹlifíṣọ̀n tó bẹ̀rẹ̀, á kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀, a ò sì ní ka àwọn yẹn sí. Nígbà tí kámẹ́rà bá tanná, gbogbo ẹ̀rọ tíkẹ́ẹ̀tì nígboro ti pa ẹnu dé. Màá tẹ bọ́tìnnì, atẹ́gùn á gbé àwọn bọ́ọ̀lù náà lọ sókè sódò, ọ̀kan á gba inú ọ̀pá jáde, màá sì pe orúkọ rẹ̀. Ọ̀gá wa kìlọ̀ fún mi pé ojú kan náà ni kí n fi máa wo gbogbo nọ́ńbà, torí bó bá jẹ́ èyí dùn mọ́ ẹnì kan, ó ń dun ẹlòmíì.

Àwọn ará ilé mìíràn ń gbàdúrà kí nọ́ńbà wọn jáde. Èmi ń bẹ̀bẹ̀ kó má jáde ni. Bí ẹẹ́rin bá ti jáde nínú ẹ̀rọ àkọ́kọ́, màá ti máa bẹ ẹ̀rọ kejì. Bí mo bá wá rí i pé ẹẹ́jọ tàbí òdo ló tẹ̀ lé e, ara á tù mí, màá sì kéde rẹ̀ bí ẹni tó gba ẹ̀bùn. Ìyá mi ò pa ìrọ̀lẹ́ kan jẹ. Ó gbé àga sí iwájú tẹlifíṣọ̀n, ó ní ojú mi lòun ń wò. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ pè pé nígbà tí kò ta tẹ́tẹ́ mọ́, kó wá sùn lọ́dọ̀ òun. Ìyá mi ní òun ń bọ̀. Kò lọ. Mo mọ̀ pé nọ́ńbà yẹn ṣì dì í mú. Bó bá máa jáde lẹ́yìn òun, ó fẹ́ wà níbẹ̀ kó fojú ara rẹ̀ rí i, kì í ṣe kí wọ́n wá sọ ọ́ fún un létí òkun. Ọwọ́ mi ló sì máa ti jáde. Ẹ̀rù yẹn bà mí ju iṣẹ́ náà fúnra rẹ̀ lọ.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan bẹ́ẹ̀ ni ó ṣẹlẹ̀. Ẹ̀rọ àkọ́kọ́: ẹẹ́rin. Mo pè é. Ẹ̀rọ kejì: oókan. Mo pe ìyẹn náà. Mo tẹ bọ́tìnnì kẹta, mo sì wo àwọn bọ́ọ̀lù náà bí wọ́n ṣe ń gbá ara wọn, mò ń bẹ òdo, mò ń bẹ eéjì, mò ń bẹ ẹẹ́sàn-án tí mi ò fẹ́ràn tẹ́lẹ̀. Eéje gba inú ọ̀pá jáde, ó dúró, ó yíjú sí kámẹ́rà.

"Eéje," ni mo wí. Ohùn mi já gaara. Mo tún gbogbo rẹ̀ pè bí ìlànà ṣe wí: "Nọ́ńbà ìrọ̀lẹ́ yìí ni ẹẹ́rin, oókan, eéje." Ó wá ku kí n sọ gbólóhùn tí mo máa ń fi parí rẹ̀, pé ẹ fara balẹ̀ yẹ tíkẹ́ẹ̀tì yín wò, a dúpẹ́. Ẹnu mi là, ohun tó sì jáde níwájú gbogbo ìpínlẹ̀ ni:

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú."

Kámẹ́rà kú. Mo jókòó sórí àga tí kì í ṣe tèmi, mo sì ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ fún ọ̀gá wa, láti orí áyọ́ọ̀nù títí dé orí ẹ̀gbọ́n ìyá mi. Ọ̀gá wa fọwọ́ gbá iwájú orí. Ẹlẹ́rìí ti kọ́bọ́ọ̀dù, ó tì í dáadáa, ó wá yíjú sí mi.

"Ṣé ìyá yín ta á lónìí?"

"Rárá, sà. Kò tà á mọ́ láti ọjọ́ tí mo ti gba iṣẹ́."

"Ẹ máa lọ sílé, ẹ lọ wò ó. Màá wá síbẹ̀ láàárọ̀."

Gbogbo ọ̀nà ni mo fi ń to ẹ̀bẹ̀ pọ̀. Mo rí ìyá mi lójú inú mi, tó jókòó sínú òkùnkùn pẹ̀lú ọwọ́ lẹ́rẹ̀kẹ́. Ìgbà tí mo yọ sí àdúgbò, gbogbo iná ṣọ́ọ̀bù wa ló ń tàn. Ilẹ̀kùn ṣí sílẹ̀ gbayawu, èèyàn kún inú ibẹ̀ títí dé abẹ́ aṣọ tó wà lórí hángà, ohùn ìyá mi ló sì ń ròkè ju ti gbogbo wọn lọ. Mo sáré wọlé.

Kò sunkún. Ẹ-Dúró-Ná ló ń bá jà. Bàbá náà dúró sí ẹ̀gbẹ́ tábìlì ìlọṣọ, ó fi ọwọ́ méjèèjì di tíkẹ́ẹ̀tì kan mú sí àyà.

"Bó ṣe wù!" ni ìyá mi ń wí. "Gbogbo ọdún tí mo fi tà á, mi ò yí i padà lẹ́ẹ̀kan. Mo gbé e lé yín lọ́wọ́, ẹ lọ ń ta á bó ṣe wù!"

"Ẹ dúró ná," ni bàbá dáhùn. "Mo rò ó pé bí wọ́n bá fẹ́ jáde, wọ́n lè tara wọn lẹ́nu ọ̀nà. Kí oókan má lọ ṣíwájú ẹẹ́rin. Mo ní kí n fi àyè sílẹ̀ fún wọn."

Gbogbo ṣọ́ọ̀bù bú sẹ́rìn-ín. Kò-Tíì-Kàn-Yín ló fà mí sápá kan, tó sọ ọ́ fún mi yéké. Lọ́jọ́ kejì tí mo gba iṣẹ́, ìyá mi ti fi nọ́ńbà náà ta Ẹ-Dúró-Ná lọ́rẹ, pátápátá, láìsí pé wọ́n jọ pín nǹkan kan. Owó bàbá fúnra rẹ̀ ló ń fi tà á lójoojúmọ́, ìdí nìyẹn tí ìyá mi fi ń yọrí lójú fèrèsé. Lálẹ́ yìí ó ti jẹ. Ìdá kan nínú mẹ́fà ni o, ṣùgbọ́n ó ju ohun tí àpótí owó ilé ìtajà òun lè san lọ. Àfi kí bàbá lọ gbà á ní ilé-iṣẹ́ wa. Òun ti ní kí bàbá fọwọ́ sí ẹ̀yìn tíkẹ́ẹ̀tì kí ẹnikẹ́ni tó fọwọ́ kàn án. "Mi ò wá mọ ohun tí mo lè sọ fún wọn," ló fi kún un. "Ó ti kàn wọ́n."

"Ó tó ẹ̀rọ ìránṣọ," ni Ẹ-Dúró-Ná wí. "Tuntun."

"Ká ní bó ṣe tò lẹ tà á ni, ẹ̀rọ méjì, àti ṣọ́ọ̀bù tí ẹ máa gbé wọn sí," ni ìyá mi dá a lóhùn. Ṣùgbọ́n ó ti ń rẹ́rìn-ín, ó sì fi aṣọ ìnuwọ́ rẹ̀ nu ojú.

Ìgbà tí gbogbo wọn lọ tán, mo bi í pé kí ló dé tó fi jẹ́ Ẹ-Dúró-Ná.

Ó fa dúrọ́ọ̀ tábìlì ìlọṣọ, ó mú bébà kékeré kan jáde, irú èyí tí à ń so mọ́ aṣọ oníbàárà. Ó ti pọ́n. Nọ́ńbà 417 wà lára rẹ̀.

"Nígbà tí mo gba ṣọ́ọ̀bù yìí, ẹni tó lò ó ṣíwájú mi fi bébà nọ́ńbà tí kò lò tán sílẹ̀. Ibi tó dé ni mo ti bẹ̀rẹ̀. Mo jókòó fún ọjọ́ mélòó kan, ẹnì kankan ò yọjú. Bàbá yìí ló kọ́kọ́ gbé kóòtù wá, kóòtù kan ṣoṣo tó ní, tó fẹ́ wọ̀ lọ sí ìgbéyàwó. Ó wo bébà, ó ní, 'Ẹ dúró ná, ṣé àwọn tí ẹ ti fọ aṣọ wọn ṣíwájú mi pọ̀ tó báyìí?' Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó gbé e lé mi lọ́wọ́." Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi húkọ́. "Irọ́ tí mo fi bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nìyẹn. Nọ́ńbà kóòtù ẹ̀ ni. Ta ni mi ò bá tún fún?"

Mo wólẹ̀ sí ẹsẹ̀ rẹ̀. "Màmá, ọwọ́ mi ló fà á jáde, ẹ ò sì rí nǹkan kan gbà níbẹ̀."

"Èwo ni ti ẹ má bínú tí ò ń sọ lórí tẹlifíṣọ̀n?" Ó gbá mi lórí pẹ́lẹ́. "Mo ti jókòó síbẹ̀ tí mò ń pariwo ayọ̀, ìwọ ń bẹ̀ mí. O jẹ́ kí gbogbo àdúgbò máa wo ojú mi, bóyá mo fẹ́ kú."

Ó sùn lálẹ́ ọjọ́ yẹn títí ilẹ̀ fi mọ́ kedere, ohun tí mi ò rí rí láti ọjọ́ tí mo ti dáyé. Èmi ni mo ṣí ṣọ́ọ̀bù.

Ẹlẹ́rìí wá bó ṣe wí. Ó bi Kò-Tíì-Kàn-Yín léèrè ọ̀rọ̀, ó bi bàbá, ó yẹ tíkẹ́ẹ̀tì wò tojú tẹ̀yìn. Ó wá sí ọ̀dọ̀ mi, ó ní kò sí ìlànà kankan tó sọ pé èèyàn ò gbọdọ̀ fi nọ́ńbà ta aládùúgbò lọ́rẹ, òun ò sì rí ibi tí wọ́n kọ ọ́ sí pé òṣìṣẹ́ ò gbọdọ̀ bẹ ìyá rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó fa ṣòkòtò kan yọ nínú báàgì rẹ̀, ó ní ṣé a lè bá òun lọ̀ ọ́. Mo rí eyín rẹ̀ nígbà náà. Ó pé.

Mo ṣì ń so bébà mọ́ ṣòkòtò náà nígbà tí ìyá mi yọ láti ẹ̀yìn kọ́tìnì. Ó ti wọ aṣọ òde. Àpótí aṣọ wà lọ́wọ́ rẹ̀, kì í ṣe báàgì kékeré tó máa ń gbé lọ ní ọjọ́ Àìkú.

"Màmá, níbo?"

"Ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ má retí mi láìpẹ́."

"Aṣọ àwọn oníbàárà ńkọ́?"

"Áyọ́ọ̀nù nìyẹn. O ti dàgbà tó ẹni tó lè gbé e."

"Ṣé ẹ rí i pé ọ̀sán ti ń tó? Wọ́n ti fẹ́ fa nọ́ńbà."

Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó wo títì, ó wo ilé ìtajà tó wà lódìkejì, ó wo Ẹ-Dúró-Ná tó ń fi okùn wọn ibi tí ẹ̀rọ tuntun máa jókòó sí.

"Nọ́ńbà ti jáde," ló wí. "Ó ku èmi."

Ó gbé àpótí rẹ̀, ó sì kọjá lọ síbi tí ọkọ̀ ń dúró sí, kò wo aago.